Ohun Tí Ilé Ẹjọ́ Béèrè Lọ́wọ́ Mi Nígbà Tí Mo Ní Ọkọ Mi Níkà

Kí n tó dé ọ́fíìsì agbẹjọ́rò, mo rò pé ẹjọ́ mi kò le rárá. Ọkọ mi níkà, gbogbo àdúgbò ló mọ̀, ìyá tó bí i pàápàá ti sunkún bẹ̀ mí rí, nítorí náà mo gbà pé bí mo bá ti lè dúró níwájú adájọ́ kí n sì la ẹnu mi, ọ̀rọ̀ bùṣe. Agbẹjọ́rò náà, obìnrin kan tó ti pẹ́ lẹ́nu iṣẹ́, jẹ́ kí n sọ̀rọ̀ títí tó fi rẹ̀ mí. Lẹ́yìn náà ló wá bi mí pé: "Ẹ pẹ̀lẹ́, Mà. Èyí tó ṣe kẹ́yìn, ọjọ́ wo ni? Níbo lẹ wà? Ta ló wà níbẹ̀? Kí lẹ ṣe lẹ́yìn rẹ̀?" N kò rí ìkankan dáhùn nínú wọn. Ọdún ni mo mọ̀, n kò mọ ọjọ́. Ẹkún ni mo rántí, n kò rántí ẹni tó gbọ́ ọ. Ẹni tó bá wà nínú irú ilé tí mo ti jáde ni mo ń kọ èyí fún, kí ó má baà jẹ́ pé iwájú tábìlì agbẹjọ́rò ni yóò ti kọ́kọ́ gbọ́ irú ìbéèrè bẹ́ẹ̀.

Abẹ́òkúta ni mo ń gbé, àdìrẹ ni mo sì ń tà ní Ìtòkú. A ṣe ìdána ní ilé bàbá mi, a sì ṣe alárédè ní ṣọ́ọ̀ṣì, níbi tí èmi àti ọkọ mi àti àwọn ẹlẹ́rìí ti fọwọ́ sí ìwé ìgbéyàwó tí òfin ìjọba mọ̀. Ohun tí a ń fi sínú fírémù ni mo ka ìwé náà sí. Kò yé mi pé òun ni yóò pinnu ilé ẹjọ́ tí mo lè gbà jáde àti òfin tí wọn yóò fi gbọ́ ẹjọ́ mi.

Ìyà náà kò ti orí ìgbájú bẹ̀rẹ̀, orí owó ló ti bẹ̀rẹ̀. Ọkọ mi a jókòó dè mí nírọ̀lẹ́ kí n wá ka iye tí mo tà, a gbà á, a sì yọ iye tó bá wù ú fún mi láti fi se ọbẹ̀ ọjọ́ kejì. Bí mo bá ní mo fẹ́ fi díẹ̀ ra aṣọ funfun àti aró, a ní kí n lọ béèrè lọ́wọ́ àwọn àlè mi. Nígbà tó yá, ó di pé kì í bá mi sọ̀rọ̀ fún ọ̀sẹ̀ méjì, mẹ́ta, àfi kí ó ní kí ọmọ lọ sọ fún ìyá rẹ̀ pé ebi ń pa òun. Bí mo bá pẹ́ lọ́jà nítorí oníbàárà tó ti Èkó wá, màá bá ilẹ̀kùn ní títì, orí bẹ́ǹṣì tí ọlọ́dẹ máa ń jókòó sí lẹ́nu géètì ni màá sì wà títí yóò fi wù ú kí ó ṣí i. Níwájú àwọn ọmọ ló ti máa ń sọ pé orí ìyá wọn kò pé, pé bí òun bá lé mi jáde, ajá kò ní wò mí lẹ́ẹ̀mejì.

Bí ẹnikẹ́ni bá bi mí nígbà náà pé ṣé ọkọ mi ń fìyà jẹ mí, màá ní rárá o, inú rẹ̀ ló ń tètè bí. Lójú ọ̀pọ̀ nínú wa, àfi kí ojú wú kí a tó gbà pé ìyà wà ńlẹ̀. N kò mọ̀ pé gbogbo nǹkan wọ̀nyí, owó tí a gbà, ilẹ̀kùn tí a tì, èébú níwájú ọmọ, ni adájọ́ yóò fi etí sílẹ̀ gbọ́ lọ́jọ́ kan, àti pé àwọn ni yóò gbé ẹjọ́ mi dúró ju ẹgba lọ.

Ìgbájú náà wá ṣáá. Lálẹ́ ọjọ́ kan, lórí owó iná mànàmáná, ó tì mí lu ẹ̀gbẹ́ ilẹ̀kùn, egbò sì là sí mi lókè ojú. Òun fúnra rẹ̀ ló gbé mi lọ sí ọsibítù. Nọ́ọ̀sì tó ń fọ egbò náà béèrè ohun tó ṣẹlẹ̀. Ọkọ mi dúró níbi orí mi, ó di báàgì mi mú. Mo ní mo yọ̀ ṣubú ní balùwẹ̀ ni. Nọ́ọ̀sì wo ojú mi, ó wo ojú rẹ̀, ó sì kọ ohun tí mo sọ sínú fáìlì. Nígbà tí ẹjọ́ dé, agbẹjọ́rò ọkọ mi gbé ẹ̀dà fáìlì yẹn wá, ó sì kà á sókè. Bí ẹ kò bá lè sọ òtítọ́ lójú ẹni tó gbé yín lọ, ẹ padà lọ ní ọjọ́ kejì ní ẹ̀yin nìkan, kí ẹ sọ fún dókítà bí ó ṣe rí gan-an, kí ẹ sì bẹ̀ ẹ́ pé kí ó kọ ọ́ sílẹ̀, títí kan ìdí tí ẹ fi sọ ohun mìíràn tẹ́lẹ̀. Dókítà kì í kọ ohun tí a kò sọ fún un.

Ẹbí pe ìpàdé. Wọ́n tún pe òmíràn. Ilé ọkọ, ilé ẹ̀kọ́ ni àwọn àgbà wí. Ẹ̀gbọ́n bàbá mi ní òun kò fẹ́ gbọ́ pé ọmọ àwọn di dálémoṣú, ẹlòmíràn sì fi kún un pé a kì í ti kóòtù bọ̀ ká ṣọ̀rẹ́. N kò kórìíra wọn nítorí ọ̀rọ̀ wọ̀nyí. Ohun tí a fi tọ́ wọn dàgbà ni. Ṣùgbọ́n ọ̀rẹ́ wo ni a ń ṣe kí a tó lọ sí kóòtù? Ọkọ mi dọ̀bálẹ̀ níwájú wọn, ó ṣèlérí, mo sì bá a lọ sílé. Láàárín ìgbà tí ara rẹ̀ balẹ̀ yẹn ni mo lóyún àbíkẹ́yìn wa.

Ẹ jẹ́ kí n dúró díẹ̀ lórí ìpadàlọ yẹn, nítorí ó fẹ́ẹ̀ bà mí lẹ́jọ́ jẹ́. Òfin ka ìdáríjì sí gidi. Ẹni tó bá mọ ẹ̀ṣẹ̀ ẹnìkejì rẹ̀, tó dárí jì í, tó sì gbà á padà gẹ́gẹ́ bí ọkọ tàbí aya, ilé ẹjọ́ lè sọ fún un pé ọ̀rọ̀ náà ti di ohun tí a ti sin, kí ó má hú u síta mọ́. Nínú ìwé ìpẹ̀jọ́ pàápàá, olùpẹ̀jọ́ ní láti sọ pé òun kò dárí ohun tí òun gbé wá jì, òun kò sì lẹ̀dí àpò pọ̀ pẹ̀lú ẹnìkejì òun láti gbé ẹjọ́ kalẹ̀. Ohun tí agbẹjọ́rò mi ṣe ni pé ó kọ ìlérí tí ọkọ mi ṣe níwájú ẹbí sílẹ̀, ó kọ ọ́ pé orí ìlérí náà ni mo fi padà, lẹ́yìn náà ló wá to gbogbo ohun tó ṣẹlẹ̀ lẹ́yìn ìlérí jọ. Ẹ̀gbọ́n bàbá mi tó ní kí n má di dálémoṣú ló wá jẹ́rìí pé òun gbọ́ ìlérí náà.

Ọjọ́ tí ọkọ mi da omi ọbẹ̀ gbígbóná sí mi lẹ́sẹ̀ nítorí iyọ̀ ni mo kó àwọn ọmọ jáde. Mo gba àgọ́ ọlọ́pàá lọ. Ọlọ́pàá tó wà lẹ́yìn káńtà béèrè bóyá ọkọ mi ni, mo ní bẹ́ẹ̀ ni, ó ní ọ̀rọ̀ ilé ni, kí n lọ fà á lé àwọn àgbà lọ́wọ́. Mo yí ẹ̀yìn padà. Lẹ́yìn náà ni mo mọ̀ pé ó yẹ kí n dúró tì í kí ó kọ ọ́ sínú ìwé wọn, bí kò bá tilẹ̀ ṣe nǹkan mìíràn, kí n sì gba ẹ̀dà, nítorí ẹ̀sùn tí kò sí lákọsílẹ̀ kò yàtọ̀ sí èyí tí a kò sùn. Òfin kò sì bá ọlọ́pàá náà sọ pé ọ̀rọ̀ ilé ni. Ìpínlẹ̀ Èkó ti ṣòfin lòdì sí ìwà ipá nínú ilé láti ọdún 2007. Ìjọba àpapọ̀ ṣe èyí tó lòdì sí ìwà ipá sí ènìyàn lọ́dún 2015, tó múlẹ̀ ní Àbújá, ọ̀pọ̀ ìpínlẹ̀ sì ti ṣe irú rẹ̀. Nínú òfin 2015 yẹn, kì í ṣe lílù nìkan ni ẹ̀ṣẹ̀: ìdúnkookò àti ọ̀rọ̀ ìfojú-ẹni-gbolẹ̀ wà níbẹ̀, lílé ọkọ tàbí aya jáde nílé wà níbẹ̀, gbígba owó ẹni kí a lè sọ ọ́ di alágbe wà níbẹ̀ pẹ̀lú. Ènìyàn lè lọ gba àṣẹ ààbò ní ilé ẹjọ́ kí ẹni náà má sún mọ́ ọn, láìdúró de ìgbà tí ẹjọ́ ìkọ̀sílẹ̀ yóò parí. Ọ̀nà méjì ni wọ́n, èkíní kò dí èkejì lọ́wọ́.

Mọ̀lẹ́bí kan tó láàánú mi ló mú mi lọ sí kóòtù ìbílẹ̀. Ó ti gbọ́ lórí rédíò bí wọ́n ṣe ń tú tọkọtaya ká níbẹ̀ láàárín ọjọ́ díẹ̀, òótọ́ ni, wọ́n ń ṣe bẹ́ẹ̀. Ẹjọ́ wa ń lọ, ọkọ mi kò yọjú, títí ẹnì kan fi béèrè irú ìgbéyàwó tí a ṣe. Bí mo ṣe fi ìwé alárédè hàn, wọ́n ní ẹjọ́ náà kì í ṣe tiwọn. Ìgbéyàwó tí a ṣe ní ìlànà ìbílẹ̀ nìkan ni kóòtù ìbílẹ̀ lè tú. Èyí tí a fọwọ́ sí lábẹ́ òfin ìgbéyàwó, ìbáà jẹ́ ní ríjísírì tàbí ní ṣọ́ọ̀ṣì tí ìjọba fún láṣẹ, ilé ẹjọ́ gíga ló ni ín. Ẹni tó bá gba ìdájọ́ kóòtù ìbílẹ̀ lórí irú ìgbéyàwó bẹ́ẹ̀ tó sì lọ fẹ́ ẹlòmíràn, ìyàwó ẹni àkọ́kọ́ ló ṣì jẹ́. Owó tí a ti san kò padà wá, ìgbà tí a fi ṣòfò kò padà wá.

Bí mo ṣe dé ọ̀dọ̀ agbẹjọ́rò obìnrin yìí nìyẹn. Ó jókòó, ó la òfin náà yé mi bí ẹni ń kọ́ ọmọ ní álífábẹ́ẹ̀tì. Ó ní láyé àtijọ́, nígbà tí àwọn ilé ẹjọ́ gíga wa ń lo òfin ìkọ̀sílẹ̀ ti ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, ìwà ìkà dá dúró gẹ́gẹ́ bí ẹ̀sùn tí a lè torí rẹ̀ tú ìgbéyàwó ká. Ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì fúnra rẹ̀, ọdún 1937 ni wọ́n tó gbà bẹ́ẹ̀. Lọ́dún 1970 ni ìjọba ológun ilẹ̀ wa ṣe òfin tí a ń lò títí di òní, wọ́n sì sọ gbogbo ìdí di ẹyọ kan ṣoṣo: pé ìgbéyàwó náà ti bàjẹ́ kọjá àtúnṣe. Ṣùgbọ́n ènìyàn kò lè kàn wí bẹ́ẹ̀ lẹ́nu. Ohun mẹ́jọ ni abala 15 kà sílẹ̀ tí a lè fi ọ̀kan nínú wọn hàn, bí àgbèrè tí a kò lè fara mọ́, bí kí a ti fi ẹni sílẹ̀ fún ọdún 1 ó kéré tán, bí kí a ti gbé lọ́tọ̀ọ̀tọ̀ fún ọdún 2 tí ẹnìkejì kò sì takò, tàbí ọdún 3 bó takò bó gbà. Èyí tó kàn mí ni ìkẹta: pé olùjẹ́jọ́ hu irú ìwà tí kò bọ́gbọ́n mu láti retí pé kí olùpẹ̀jọ́ máa bá a gbé. Inú rẹ̀ ni ìwà ìkà wà báyìí. Abala 16 tún ka àwọn nǹkan kan sílẹ̀ tó jẹ́ pé bí a bá ti fi wọ́n hàn, adájọ́ kò ní bèèrè mọ́: ìfipábánilòpọ̀ láti ìgbà tí a ti ṣègbéyàwó, ọtí àmuyíràá tàbí oògùn olóró tó ti di bárakú fún ọdún 2, tàbí kí ilé ẹjọ́ ti dá olùjẹ́jọ́ lẹ́bi láàárín ọdún 1 ṣáájú ìpẹ̀jọ́ pé ó gbìyànjú láti pa olùpẹ̀jọ́.

Mo bi í pé ta ni yóò sọ bóyá ìyà tèmi tó. Ó ní kì í ṣe èmi, kì í sì ṣe ọkọ mi. Adájọ́ yóò wo irú ènìyàn tí àwa méjèèjì jẹ́ àti bí a ti ń gbé bọ̀, yóò sì bi ara rẹ̀ bóyá ẹni tó ní làákàyè yóò retí pé kí èmi yìí máa bá ọkùnrin yìí lọ. Ìjà kékeré tí gbogbo ilé ń jà, híhanrun, oúnjẹ tí kò dùn, àìgbọ́ra-ẹni-yé, wọn kò tó. Ó ní láti wúwo. Ṣùgbọ́n kò di dandan kí ìwà kan ṣoṣo dá wúwo. Adájọ́ lè kó wọn pọ̀ wò.

Ibi tí ọ̀rọ̀ ọjọ́ ti wá rí ojútùú ni ìwé àwìn mi. Agbẹjọ́rò ní kí n kó gbogbo ìwé tó bá wà nílé wá, èyí tó wù kó jẹ́. Ìwé àwìn mi kò níyì lójú mi: ìwé ìdánrawò tí èèpo rẹ̀ ti ya, tí aró ti kùn ní gbogbo etí. Orúkọ oníbàárà, iye ọ̀pá aṣọ, owó tó kù, ọjọ́ tí yóò san. Obìnrin náà ń ṣí i ní ojú ewé kan tẹ̀lé èkejì, ó sì rí i pé àwọn ọjọ́ kan wà tí n kò kọ nǹkan kan, bẹ́ẹ̀ sì ni n kì í ti ìsọ̀ ní ọjọ́ ọjà. Lẹ́gbẹ̀ẹ́ àwọn mìíràn ni mo ti kọ ọ́ wínníwínní pé "ojú wú", "owó ọjà ti lọ", "ìta ni mo sùn". N kò rántí pé mo kọ wọ́n. Ara ìwé yẹn ni a ti yọ ọjọ́ jáde, ọjọ́ ló sì mú ẹlẹ́rìí jáde, nítorí nígbà tí mo sọ ọjọ́ fún ìyá tó ń gbé yàrá kejì sí wa, ó rántí pé ọjọ́ ìsọmọlórúkọ ilé òun ni, pé òun ló fi omi gbígbóná àti aṣọ tẹ ojú fún mi láàárọ̀ ọjọ́ náà.

Àwọn ọ̀rọ̀ ìhalẹ̀ tí ọkọ mi fi ránṣẹ́ sórí WhatsApp náà wúlò, ṣùgbọ́n kò tó kí a tẹ̀ wọ́n jáde sórí bébà kí a gbé wọn wá. Láti ìgbà tí òfin ẹ̀rí ti ọdún 2011 ti dé, abala 84 rẹ̀ béèrè ìwé ẹ̀rí tó sọ irú ẹ̀rọ tí ọ̀rọ̀ náà ti jáde àti pé ẹ̀rọ náà ń ṣiṣẹ́ dáadáa. Fóònù tí ọ̀rọ̀ náà wọlé sí ni kí ẹ tọ́jú. Àbúrò mi ti tà tèmi kí n tó mọ̀; ohùn tí ọkọ mi fi sọ pé òun yóò sun ìsọ̀ mi níná bá a lọ.

Adájọ́ kò kọ́kọ́ gbọ́ ẹjọ́. Ó béèrè bóyá a lè tún un ṣe, ó sì fún wa láyè láti lọ gbìyànjú, nítorí òfin pàṣẹ fún un pé kí ó máa wo ojú ìlàjà. Ẹ má bínú sí i bí ó bá ṣe bẹ́ẹ̀ fún yín, kò túmọ̀ sí pé kò gbà yín gbọ́. Ẹ mọ̀ pẹ̀lú pé bí ọkọ bá tilẹ̀ ní òun gbà kí a tú u ká, àdéhùn ẹ̀yin méjèèjì nìkan kò tó. Ẹ ṣì ní láti fi ọ̀kan nínú ohun mẹ́jọ yẹn hàn adájọ́.

Nígbà tí mo dúró nínú àpótí ẹlẹ́rìí, ẹsẹ̀ mi ń gbọ̀n. Agbẹjọ́rò ọkọ mi kò pariwo, ohùn jẹ́jẹ́ ló fi ń bi mí. "Ṣebí ẹ̀yin lẹ sọ fún nọ́ọ̀sì pé ẹ ṣubú? Irọ́ lẹ pa nígbà náà ni, àbí ìsinsìnyí?" Mo ní ìgbà náà ni, nítorí ẹni tó tì mí ló dúró síbi orí mi. Adájọ́ kọ ọ́ sílẹ̀. Agbẹjọ́rò náà bi mí nípa àbíkẹ́yìn wa, ó bi mí bóyá n kò tíì bú ọkọ mi rí. Mo ní mo ti bú u rí. Agbẹjọ́rò mi ti kìlọ̀ fún mi pé kí n má ṣe ara mi ní áńgẹ́lì, nítorí ẹni tó bá ní òun kò fèsì rí kì í ṣeé gbà gbọ́.

Ọkọ mi ní tirẹ̀ ní òun kò ní ìkà lọ́kàn, òun ń tọ́ mi sọ́nà ni, òun ń tọ́jú owó mi kí n má ná an ní ìnákúnàá. Èsì tí agbẹjọ́rò mi fọ̀ jáde lọ́jọ́ náà yà mí lẹ́nu. Ó mẹ́nu ba ẹjọ́ Gollins, tí ilé ẹjọ́ tó ga jù lọ nílẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì dá lọ́dún 1963. Ọkùnrin náà kò lu ìyàwó rẹ̀. Ó kàn ya ọ̀lẹ, ó ń jẹ gbèsè sọ́rùn obìnrin náà títí àìsàn fi wọlé sí i lára. Wọ́n ní kò di ìgbà tí ó bá gbèrò láti ṣe é níkà kí a tó pè é ní ìwà ìkà. Ó tún padà sí ìdájọ́ Russell ti ọdún 1897, níbi tí wọ́n ti ní ìwà ìkà ni èyí tó wu ẹ̀mí, ẹ̀yà ara tàbí ìlera ẹni léwu, ti ara tàbí ti ọpọlọ, tàbí tó jẹ́ kí ènìyàn ní ìdí gidi láti bẹ̀rù irú ewu bẹ́ẹ̀. Ó ní òfin ọdún 1970 kò há tó ti àwọn wọ̀nyẹn, nítorí náà ẹni tó bá dé ibi tí Russell dé ti kọjá ibi tí òfin wa béèrè. Kò sì di dandan kí ẹ̀rí náà dájú bí ti ẹjọ́ ìpànìyàn; abala 82 ní kí ó ṣáà ti tẹ́ ilé ẹjọ́ lọ́rùn bó ti yẹ.

Adájọ́ gbà. Nínú ìdájọ́ rẹ̀, orí owó àti ilẹ̀kùn títì ló pẹ́ sí jù. Ó ní òun kò lè fọwọ́ sọ̀yà lórí egbò ojú nítorí fáìlì ọsibítù, ṣùgbọ́n ẹsẹ̀ tó bó àti àwọn alẹ́ tí mo sùn síta dá òun lójú. Ó fi àwọn ọmọ sọ́dọ̀ mi, ó sì yan ìgbà tí bàbá wọn yóò máa rí wọn, nítorí lórí ọ̀rọ̀ ọmọ, ire ọmọ ni òfin fi ṣáájú, kì í ṣe ìbínú ìyá. Ó bù owó ìtọ́jú lé bàbá wọn lórí. Ó ń san án lẹ́ẹ̀kọ̀ọ̀kan.

Ọmọbìnrin kan tí a jọ máa ń dúró ní ọ́fíìsì agbẹjọ́rò kò ì tíì pé ọdún 1 nílé ọkọ, eyín rẹ̀ kan sì ti yọ. Ó fẹ́ẹ̀ padà sílé nígbà tí ẹnì kan sọ fún un pé àfi kí ó pé ọdún 2. Òótọ́ ni pé òfin kò fẹ́ kí a tètè pẹjọ́ ṣáájú ọdún 2, ṣùgbọ́n a lè tọrọ àyè lọ́wọ́ ilé ẹjọ́ bí ìyà náà bá tayọ èyí tí ojú ń rí lójoojúmọ́, tàbí bí ìwà ẹnìkejì bá burú jáì. A bá a tọrọ rẹ̀, wọ́n sì fún un. Ẹni tí kò lówó agbẹjọ́rò lè lọ sí ọ́fíìsì Legal Aid Council, àjọ ìjọba tó ń bá aláìní wá agbẹjọ́rò, ní ìpínlẹ̀ rẹ̀. Ọ̀dọ̀ wọn ni wọ́n ti kọ́kọ́ gba ọ̀rọ̀ ọmọbìnrin náà sílẹ̀.

Ìdájọ́ tí wọ́n kà lọ́jọ́ náà kọ́ ló tú ìgbéyàwó ká pátápátá. Decree nisi ni àwọn agbẹjọ́rò ń pè é, ó sì máa ń gba oṣù 3 kí ó tó fìdí múlẹ̀. Láàárín ìgbà náà, aya onítọ̀hún ni ẹ ṣì jẹ́ lójú òfin, ẹ kò gbọdọ̀ fẹ́ ẹlòmíràn. Bí oṣù náà bá pé, ẹ padà lọ gba ìwé ẹ̀rí pé ó ti fìdí múlẹ̀, kí ẹ sì gba ẹ̀dà tí ilé ẹjọ́ fi òǹtẹ̀ lù ju ẹyọ kan lọ. Báńkì mi gba ọ̀kan kí wọ́n tó yọ orúkọ ọkọ mi àtijọ́ kúrò gẹ́gẹ́ bí ẹni tí yóò jogún mi, ilé ìwé àwọn ọmọ gba ọ̀kan, ẹni tí mo fẹ́ gba ilé lọ́wọ́ rẹ̀ náà sì béèrè òun.